Ọkọ tó ń fọ ìlédìí ọmọ: ṣé ọ̀rọ̀ ẹ̀rín ni?

 

Lẹ́tà kan ló dé sí wa láti Ẹ̀pẹ́. Màmá kan ló kọ ọ́, tàbí kí n sọ pé ọ̀kan nínú àwọn ọmọ ọmọ wọn ló bá wọn kọ ọ́, nítorí màmá ní ojú àwọn kò ríran dáadáa mọ́. Ẹja ni wọ́n tà jẹun títí agbára fi dín kù. Ọmọ wọn ọkùnrin ń gbé ní Ìkòròdú. Ìyàwó rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ bímọ, iṣẹ́ abẹ ni wọ́n sì fi gbé ọmọ náà jáde. Màmá di ẹrù wọn, wọ́n lọ wẹ ọmọ bí ìyá àgbà ṣe máa ń ṣe.

Lálẹ́ ọjọ́ kejì tí wọ́n débẹ̀, ọmọ ọmọ wọn tó dàgbà jù nínú ilé náà gbé fóònù síwájú wọn, ó ní kí wọ́n wá wo sinimá ayé àtijọ́. Dúdú àti funfun ni, kò sì sí ohùn èèyàn nínú rẹ̀. Òyìnbó kan tó wọ awò ojú ni ìyàwó rẹ̀ rán ní ọjà. Ó kó ẹrù mọ́ra títí apá rẹ̀ kò fi ká a mọ́, ló bá tún jẹ tòlótòló ààyè nínú tẹ́tẹ́. Ó gbé gbogbo rẹ̀ wọ ọkọ̀ èrò, tòlótòló sì da gbogbo ọkọ̀ rú. Màmá ní àwọn rẹ́rìn-ín títí omi fi ń bọ́ lójú àwọn. Wọ́n ń rẹ́rìn-ín yẹn lọ sí ẹ̀yìnkùlé láti bu omi ni wọ́n bá ọmọ wọn lórí àpótí, tó ń fọ ìlédìí ọmọ. Ọbẹ̀ tó gbé kaná sì ń hó lẹ́yìn rẹ̀.

Màmá ní ẹ̀rín kú mọ́ àwọn lẹ́nu. Wọn kò sùn mọ́jú. Ohun tó wá sí wọn lọ́kàn ni pé obìnrin yìí ti fi nǹkan sí oúnjẹ fún ọmọ àwọn. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, wọ́n di ẹrù wọn padà, wọ́n gba Ẹ̀pẹ́ lọ, wọn kò sì sọ ìdí rẹ̀ fún ẹnikẹ́ni. Ní báyìí, wọ́n ń wá ẹni tí yóò fi àdúrà tú ọmọ wọn sílẹ̀. Ìbéèrè wọn ni pé: ṣé kí àwọn dákẹ́ ni, àbí kí àwọn lọ mú ọmọ àwọn kúrò nínú ilé yẹn?

Màmá mi, ẹ ṣeun tí ẹ kọ́kọ́ béèrè kí ẹ tó gbé ìgbésẹ̀. Ẹ jẹ́ kí a bẹ̀rẹ̀ láti ibi ẹ̀rín yẹn. Ohun kan náà ni ẹ rí lẹ́ẹ̀mejì lálẹ́ ọjọ́ náà: ọkùnrin tó ń ṣe iṣẹ́ tí wọ́n ní obìnrin ló ni ín. Ti inú fóònù pa yín lẹ́rìn-ín, ti ẹ̀yìnkùlé pa yín lẹ́kún. Kí ló dé?

Sinimá tí kò lóhùn

Bí ẹ ṣe ṣàlàyé sinimá náà, ó jọ pé Hot Water ni, èyí tí Harold Lloyd ṣe ní Amẹ́ríkà lọ́dún 1924. Nígbà yẹn, sinimá kò tíì máa sọ̀rọ̀. Ojú, ọwọ́ àti ẹsẹ̀ ni òṣèré fi ń ṣàlàyé ara rẹ̀, wọ́n á sì kọ ọ̀rọ̀ díẹ̀ sáàárín àwòrán. Ọdún 1927 ni èyí tó lóhùn bẹ̀rẹ̀ sí í gbòde.

Ọ̀rọ̀ sinimá kì í ṣe àjèjì sí wa. Oṣù kẹjọ ọdún 1903 ni wọ́n kọ́kọ́ fi àwòrán tó ń rìn han àwọn ará Èkó, nínú gbọ̀ngàn Glover Memorial. Nígbà tó yá, ìjọba òyìnbó gbé sinimá sínú mọ́tò, wọ́n ń gbé e kiri ìlú àti abúlé. Wọ́n á ta aṣọ funfun ní gbangba bí ilẹ̀ bá ṣú, wọ́n á fi ètò ìmọ́tótó àti ìlera han àwọn èèyàn, wọ́n á wá fi Charlie Chaplin sí i kí ara lè tu ìlú. Àwọn àgbà kan nínú yín lè rántí ọkùnrin kúkúrú onírunmú ṣókí yẹn, tó wọ ṣòkòtò gbẹ̀rẹ̀gẹ̀dẹ̀, tó sì ń fi ọ̀pá rìn.

Nínú irú eré bẹ́ẹ̀, ọ̀rọ̀ tọkọtaya kì í wọ́n. Lọ́dún 1912, John Bunny, ọkùnrin sísanra kan, àti Flora Finch, obìnrin tó rí pẹ́lẹ́ńgẹ́, ṣe ọ̀kan tí wọ́n pè ní A Cure for Pokeritis. Ọkọ ń fi owó ilé ta káàdì. Ó búra fún ìyàwó pé òun kò ní ta á mọ́, ó wá ń purọ́ pé ìpàdé ẹgbẹ́ ni òun ń lọ lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀. Ọ̀rọ̀ tó ń sọ lójú oorun ló tú u fó. Ìyàwó pe ìbátan rẹ̀, ìyẹn kó àwọn ọ̀dọ́kùnrin tí wọ́n jọ ń kẹ́kọ̀ọ́ Bíbélì, wọ́n wọ aṣọ ọlọ́pàá, wọ́n sì ya bo àwọn atakáàdì. Ẹ̀rù ba baálé ilé títí ó fi di mọ́ ìyàwó rẹ̀.

Ṣáájú èyí, lọ́dún 1906, obìnrin ará Faransé kan tó ń jẹ́ Alice Guy ti ṣe sinimá kan tó yí ayé po. Nínú rẹ̀, ọkùnrin ló ń lọ aṣọ, tó ń ránṣọ, tó sì ń tọ́jú ọmọ. Obìnrin ló jókòó sílé ọtí, tó ń mu sìgá, tó sì ń fa ọkùnrin lọ́wọ́ láìbéèrè bóyá ó fẹ́. Nígbà tó yá, àwọn ọkùnrin dìde, wọ́n lé àwọn obìnrin jáde, wọ́n gba àyè wọn padà.

Ẹ wo ohun tó wà nídìí ẹ̀rín yẹn. Ní gbogbo àsìkò tí wọ́n ṣe eré Alice Guy àti ti Bunny yìí, obìnrin kò lẹ́tọ̀ọ́ láti dìbò ní ọ̀pọ̀ ilẹ̀ òyìnbó. Ọdún 1920 ni òfin fún wọn ní gbogbo Amẹ́ríkà, ó di 1944 kí ti Faransé tó gbà. Àwọn obìnrin ń jà fún un, àwọn ọkùnrin sì ń bẹ̀rù pé bí obìnrin bá dìbò lónìí, ta ni yóò lọ aṣọ lọ́la? Aláwàdà rí ìbẹ̀rù yẹn, ó sọ ọ́ di eré. Ẹ̀rín di ọgbà tí wọ́n fi yí iṣẹ́ ká: ọkùnrin tó bá ń gbé ọmọ, ẹ fi í rẹ́rìn-ín, kò ní gbé e mọ́.

Ṣùgbọ́n ẹni tó bá wo ti Alice Guy dáadáa yóò rí nǹkan mìíràn. Ohun tó burú nínú eré náà kò sí lára aṣọ lílọ̀ àti ọmọ títọ́jú. Ìwà àìbìkítà ẹni tó jókòó sílé ọtí tí ẹnì kejì ń ṣiṣẹ́ ni. Nígbà tó wà lọ́rùn obìnrin, gbogbo èèyàn rí i pé kò dáa. Ìwà yẹn kan náà ni ọ̀pọ̀ ọkùnrin ń hù lójoojúmọ́ tí ẹnikẹ́ni kò rí sí.

Tiwa ńkọ́?

Ẹ má ṣe jẹ́ kí a sọ pé ọ̀rọ̀ òyìnbó nìyẹn. Láyé àwọn eégún alárìnjó, ọkùnrin ló ń wọ aṣọ obìnrin láti fi ṣeré, nítorí obìnrin kì í wọ ẹ̀kú. Wọ́n á rìn bí ìyàwó, wọ́n á sọ̀rọ̀ bí ìyàwó, ìlú á sì fọwọ́ mú inú nítorí ẹ̀rín. Nígbà tí Hubert Ògúndé gbé eré rẹ̀ lórí ọgbà Édẹ́nì jáde lọ́dún 1944, ìtàn tọkọtaya àkọ́kọ́ ni, inú gbọ̀ngàn Glover yẹn náà ló sì ti ṣe é. Kò pẹ́ tó fi sọ eré di iṣẹ́ tó ń jẹ, tó sì ń fi obìnrin gidi sórí ìtàgé. Àwọn òbí kò fẹ́ gbọ́ ọ sétí. Wọ́n ní ọmọbìnrin tó ń jó níwájú èrò kò ní rí ọkọ fẹ́. Ògúndé wá ń fẹ́ àwọn òṣèrébìnrin rẹ̀ fúnra rẹ̀, kí wọ́n má baà fi ẹgbẹ́ sílẹ̀. Lónìí, òbí mélòó ló ń fi ọmọ wọn obìnrin tó ń ṣeré yangàn? Ohun tí ìran kan pè ní ìtìjú, ìran kejì ti ń fi ṣe ìwúrí.

Ẹ̀yin ará Ẹ̀pẹ́ gan-an ló yẹ kí ẹ bá wa dáhùn èyí. Lórí ọ̀sà, ọkùnrin ló ń da àwọ̀n. Létí omi, obìnrin ló ń gba ẹja, tó ń yan án, tó ń gbé e lọ sọ́jà Olúwo. Owó ẹja ti rán ọmọ lọ sílé ìwé, ó ti kọ́lé, ó ti gbọ́ bùkátà ọkọ tó ṣàìsàn. Ẹnikẹ́ni kò sọ pé obìnrin tó ń wá owó ti di ọkùnrin. Màmá mi, ẹ̀yin náà ṣe é, wọn kò pè yín ní àjẹ́.

Àti pé, bí apẹja bá sùn sí àgọ́ létí omi, ta ló ń se oúnjẹ fún un? Ọdẹ tó wọ igbó lọ́jọ́ méje ńkọ́? Awakọ̀ tó ń ná òkè ọya? Ọkùnrin ló ń sun sùyà ní ìkóríta, tí a sì ń tò síwájú rẹ̀. Kò sẹ́ni tó ní wọ́n fi oògùn mú wọn. A jẹ́ pé oúnjẹ sísè kì í ṣe èèwọ̀ fún ọkùnrin. Ojú aládùúgbò ló ń bà á lẹ́rù.

Ohun tí ìtìjú lè ṣe

Bàbá kan wà ní àdúgbò mi, awakọ̀ ni kó tó fẹ̀yìn tì. Ìtọ̀ ṣúgà ń bá a jà. Lọ́dún kan, rọpárọsẹ̀ kọ lu ìyàwó rẹ̀, wọ́n sì dá a dúró sí ọsibítù. Lọ́jọ́ kẹta, àwọn ayálégbé bá bàbá nílẹ̀ pálọ̀, ó ti dákú. Ó lo oògùn ṣúgà rẹ̀ láàárọ̀ bó ṣe máa ń lò ó, ṣùgbọ́n kò jẹun. Iṣu wà nínú ilé, gáàsì wà, ẹyin wà. Ọlọ́run bá wa yọ ọ́.

Nígbà tí ara rẹ̀ yá, mo bi í pé ṣé kò mọ bí wọ́n ṣe ń se iṣu ni. Bàbá wò mí, ó ní: "Èmi? Mo máa ń dáná lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkọ̀ ní gbogbo ìgbà tí mo fi ń ná òkè ọya. Àwọn ayálégbé ni mi ò fẹ́ kí wọ́n rí mi ní ilé ìdáná, kí wọ́n má máa fi mí rẹ́rìn-ín."

Ẹ gbọ́ o. Ẹ̀rín tí ẹnikẹ́ni kò tíì rín ló fẹ́ pa bàbá yẹn.

Ẹ̀yin tí ẹ ní ìtọ̀ ṣúgà, ẹ fi èyí sọ́kàn: abẹ́rẹ́ ínsúlín àti àwọn kan nínú oògùn oníhóró tí wọ́n ń fún yín lè mú kí ṣúgà ara já wálẹ̀ kọjá bó ṣe yẹ bí ẹ bá lò wọ́n láìjẹun. Àmì rẹ̀ ni òógùn tó ń bo ara, ọwọ́ tó ń gbọ̀n, ebi tó pọ̀, àyà tó ń lù kìkì àti ọ̀rọ̀ tí kò já geere mọ́. Bí ẹni náà bá ṣì mọ ara rẹ̀, tó sì lè gbé nǹkan mì, ẹ fún un ní ṣúgà tàbí ohun mímu aládùn kíá. Bó bá ti dákú, ẹ má ṣe rọ ohunkóhun sí i lẹ́nu, ọsibítù ni kí ẹ gbé e lọ.

Ó sì ní ti òdìkejì. Màmá mìíràn tí mo mọ̀, nígbà tí ọkọ rẹ̀ kú, kò mọ ibi tí ìwé ilé wà, kò sì mọ bí wọ́n ṣe ń gba owó ìfẹ̀yìntì, nítorí pé wọ́n ní iṣẹ́ ọkùnrin nìyẹn. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ọdún méjì kó tó yanjú rẹ̀.

Ẹni tí wọ́n fi iṣẹ́ abẹ gbẹ̀bí

Ní báyìí, Màmá mi, ẹ jẹ́ kí n sọ ìdí tí ọmọ yín fi ń fọ ìlédìí. Ìyàwó rẹ̀ kò lè fọ̀ ọ́ ni. Bí wọ́n bá fi iṣẹ́ abẹ gbé ọmọ, awọ ìta nìkan kọ́ ni wọ́n gé. Wọ́n gé inú ikùn àti ilé ọmọ náà, wọ́n sì rán wọn. Ojú ọgbẹ́ lè ti jiná lókè kí ti inú tó jiná. Ìdí nìyẹn tí àwọn dókítà fi ń sọ pé, fún bí ọ̀sẹ̀ mẹ́fà, kí ìyá má ṣe gbé ohun tó wúwo ju ọmọ rẹ̀ lọ. Garawa omi, odó àti ìkòkò ńlá kò kàn án. Kó máa rìn díẹ̀díẹ̀ nínú ilé dára fún un, kí ẹ̀jẹ̀ má baà dì sí i lẹ́sẹ̀. Ìnira ibẹ̀rẹ̀ àti ìfọṣọ ni kò yẹ ẹ́.

Àwa àgbà náà ní ohun tí a gbọ́dọ̀ ṣọ́ra fún. Omi gbígbóná tí a máa ń fi aṣọ rì, tí a fi ń tẹ ikùn ìyá ọmọ, kò yẹ ẹni tí wọ́n ṣe iṣẹ́ abẹ fún. Ó lè ṣí ojú ọgbẹ́, ó sì lè bó o lára. Ẹ má ṣe fi àgbo tàbí èérú sójú ọgbẹ́ náà. Kó mọ́, kó gbẹ, ó tó.

Bí ẹ bá rí èyíkéyìí nínú àwọn nǹkan wọ̀nyí, ẹ má dúró de ilẹ̀ mímọ́: ẹ̀jẹ̀ tó ń ya, ibà, ọyún tàbí òórùn burúkú láti ojú ọgbẹ́ tàbí láti ojú ara, ẹsẹ̀ kan tó wú tó sì ń dùn ún, èémí tí kò já gaara, orí fífọ́ gidi tí ojú ń ṣú, gìrì, tàbí kí ìyá máa sunkún ṣáá tí kò sì fẹ́ rí ọmọ rẹ̀. Ọsibítù ni, lójú ẹsẹ̀.

Ẹ ò wá rí i pé kì í ṣe oògùn ni ọmọ yín jẹ? Ó ń ṣọ́ ẹ̀mí ìyàwó rẹ̀ ni.

Ilé wọ́ọ́wọ̀ọ́

Ẹ ní kí ọmọ ọmọ yín tún wá sinimá kan fún yín. One Week ni orúkọ rẹ̀, Buster Keaton ló ṣe é lọ́dún 1920. Tọkọtaya tuntun ni wọ́n fún ní ilé tí wọ́n dì sínú àpótí, kí wọ́n tò ó fúnra wọn. Ọkùnrin kan tí ìyàwó kọ̀ láti fẹ́ lọ yí nọ́ńbà ara àwọn àpótí padà, ilé náà bá wọ́ síbí, ó wọ́ sọ́hùn-ún. Ọkọ ń kan ìṣó, ìyàwó náà ń bá a ṣe é. Ìjì yí ilé náà po bí òkòtó. Níkẹyìn, ọkọ̀ ojú irin fọ́ ọ túútúú. Ọkọ gbé pátákó pé ilé yìí wà fún títà lé orí àlàpà náà, ó mú ìyàwó rẹ̀ lọ́wọ́, wọ́n jọ ń lọ.

Ẹ ó rẹ́rìn-ín nígbà tí ẹ bá wò ó. Ṣùgbọ́n ilé ni ẹ ó fi rẹ́rìn-ín. Ẹnikẹ́ni nínú àwọn méjèèjì kò fi ẹnì kejì rẹ́rìn-ín. Ìyàtọ̀ tó wà nínú ẹ̀rín méjèèjì nìyẹn: ọ̀kan ń lé èèyàn kúrò lẹ́nu iṣẹ́ tó yẹ kó ṣe, èkejì ń jẹ́ kí ara gba ìnira tó dé bá ilé.

Ohun tí mo rò pé kí ẹ ṣe

Ẹ padà lọ sí Ìkòròdú. Ẹ má ṣe mú ẹnikẹ́ni dání tí yóò tú ẹnikẹ́ni sílẹ̀. Bí ẹ bá débẹ̀, ẹ kí ìyàwó ọmọ yín kú ewu ọmọ, ẹ tọrọ gáfárà pé ẹ lọ láìdágbére. Àgbà tó tọrọ gáfárà kò kéré. Ẹ wẹ ọmọ fún wọn, kí ọmọ yín lè sùn díẹ̀, nítorí ó ti rẹ òun náà.

Ẹ má ṣe sọ ohun tí ẹ rí fún ará àdúgbò, kí wọ́n má baà sọ ọ́ di eré.

Bí ìyàwó bá wá jókòó kalẹ̀ lẹ́yìn tí ara rẹ̀ ti le, tó ń rán ọkọ níṣẹ́ bí ọmọ ọ̀dọ̀, tó sì ń bú u lójú ọmọ, ìyẹn burú, ẹ lè pe àwọn méjèèjì kí ẹ sọ ọ́. Ṣùgbọ́n ó burú bákan náà bó bá jẹ́ pé ọkọ ló ń ṣe bẹ́ẹ̀.

Ẹ̀yin òbí tó kù, ẹ kọ́ ọmọ yín ọkùnrin ní oúnjẹ mẹ́ta ó kéré tán kó tó kúrò nílé, kí ẹ sì fi ìwé ilé àti ìwé báńkì han ọmọ yín obìnrin. Ẹ̀yin tọkọtaya àgbà, kí olúkúlùkù mọ oògùn tí ẹnì kejì ń lò àti àkókò tó ń lò ó.

Màmá mi, ojú tí ẹ ní kò ríran dáadáa yẹn, ẹ má ṣe pè é ní ọjọ́ orí nìkan. Ẹ jẹ́ kí ọmọ yín yìí gbé yín lọ sọ́dọ̀ dókítà ojú. Ọ̀pọ̀ ojú àgbà tó ṣú ló ń là padà pẹ̀lú iṣẹ́ abẹ kékeré. Ẹni tó lè fọ ìlédìí, á mú ìyá rẹ̀ lọ sí ọsibítù.

Àwọn baba wa ní, bí ọkùnrin bá rí ejò, tí obìnrin sì pa á, kí ejò ṣá ti kú. Bí ìlédìí bá ti mọ́, tí ìyá àti ọmọ wà láàyè, kí ni a tún ń béèrè?

Ọlọ́run yóò wo ọmọ tuntun náà, yóò sì fún ìyá rẹ̀ lálàáfíà.